Okùn Keje

Èkeje. Níbi ẹsẹ̀. Èmi, Struan Galbraith, níbi ẹsẹ̀ Wattie Pirrie...

Bóyá mo ka káàdì yìí sódì. Rárá o. Wọ́n ya àwòrán pósí, wọ́n kọ nọ́ńbà okùn mẹ́jọ tí a ó fi sọ̀ ọ́ sínú ilẹ̀ yí i ká, wọ́n sì fi bírò pupa yí méje po fún mi. Ọ̀kan, níbi orí: Morven, ọmọ rẹ̀. Ó tọ́. Èjì: àbúrò rẹ̀. Kò burú. Ṣùgbọ́n ẹ̀ta — ẹni tó ń lẹ táyà! Ẹ̀rin — oníbúrẹ́dì! Èmi tí a jọ wà lórí tẹlifíṣọ̀n fọ́dún méjìdínlógún, ẹsẹ̀ ni mo tó sí.

Òjò ń rọ̀ wìnnìwìnnì, pásítọ̀ ń fa àdúrà gùn. Wò wọ́n. Ọtí wisikí àti páì ẹran tó ń dúró ní òtẹ́ẹ̀lì ni wọ́n ń rò.

Nínú eré wa, ọ̀gá ọkọ̀ ojú omi ni mí lórí odò Clyde, Wattie lọmọṣẹ́ mi. Kí wá niṣẹ́ rẹ̀? Kó já sódò. Lọ́jọ́ Ẹtì gbogbo, á já sódò, gbogbo Glasgow á di ikùn mú fún ẹ̀rín. Ẹ̀bùn nìyẹn? Àpò ànàmọ́ náà mọ odò ó já sí! Èmi tí mo ti ṣe ọba lórí ìtàgé ní Edinburgh... gbólóhùn kan ṣoṣo ni wọ́n mọ̀ mọ́ mi. Ìyá àgbà kan dì mí lápá mú ní géètì itẹ́ òkú níbí: "Ọ̀gá ọkọ̀! Ẹ jọ̀ọ́, ẹ sọ ọ́ fún wa, ẹ̀ẹ̀kan péré!" Mo sọ ọ́. "Ta ló ń mi ọkọ̀ mi?" Wọ́n rẹ́rìn-ín. Aláìmọ̀kan. Inú mi sì dùn — rárá, kò dùn.

"Ẹ mú okùn yín." Asìnkú nìyẹn, ojú rẹ̀ bí ẹni tó gbé ọtí kíkan mì. Mo mú un.

Senga, ìyàwó rẹ̀, lórí fóònù lánàá: "Má bínú, Struan. Wattie fúnra rẹ̀ ló to orúkọ yẹn lórí ibùsùn àìsàn. Ẹni mẹ́rìnlá ló ní lọ́kàn, okùn ò sì ju mẹ́jọ lọ. Ó ń bi mí ṣáá pé, 'Ta ni kí n yọ, Senga?'"

Mẹ́rìnlá! Àṣehàn lásán. Ọ̀rẹ́ gbogbo ayé kì í ṣọ̀rẹ́ ẹnì kan. Tèmi ò ní le bẹ́ẹ̀. Ó yá, ẹ jẹ́ kí n to àwọn tí yóò mú okùn pósí tèmi. Ọ̀kan, Lachlan, ọmọ mi. Kánádà ló wà, kò ní... kò ní wá. Ó dáa, ẹlòmíì. Ẹni tó ń bá mi wá iṣẹ́ — ó ti ọ́fíìsì rẹ̀ pa, inú ìwé ìròyìn ni mo ti kà á. Aládùúgbò mi, ẹni tó ní ajá. Kí lorúkọ rẹ̀? Orúkọ ajá ni mo mọ̀.

Ọdọọdún ni Wattie máa ń pè mí lọ́jọ́ ọdún tuntun. "Struan, Senga ti se ọbẹ̀ o. Àwo tìẹ wà lórí tábìlì." Mo ní mo ń kàwé eré. Kò sí eré kankan. Ó mọ̀. Ó tún pè lọ́dún tó tẹ̀ lé e...

Pósí ń lọ sísàlẹ̀. Okùn ń yọ́ gba àtẹ́lẹwọ́ mi. Ó ti dúró. Àwọn méje ju tiwọn sílẹ̀.

"Èkeje, ẹ jọ̀ọ́ sà."

Ẹ dúró ná. Mo ṣì ń kà. Ẹnì kan ni mo rí fi síbi orí mi, ẹnì kan péré, ó sì wà nísàlẹ̀ níbẹ̀ yẹn.

"Ẹ jọ̀ọ́ sà. Ẹ jù ú sílẹ̀."