Ohùn Àǹtí Ìbídùn

Ẹ fara balẹ̀ kí n rọ́ àlá kan fún yín. Oorun ọ̀sán àná ló gbé e wá, ara mi ò sì tíì balẹ̀ títí di ìsinsìnyí.

Ẹ mọ Àǹtí Ìbídùn, àbúrò ìyá mi, tó ń ṣeré nínú fíìmù ní Ítálì. Ó lé ní ogójì ọdún tó fi ṣe é, kò ṣe olú òṣèré rí. Òun ni ọmọ-ọ̀dọ̀ tó ń ṣílẹ̀kùn, òun ni nọ́ọ̀sì tó ń gbé abẹ́rẹ́ wọlé. Èyí tó dùn mí jù ni pé a ò gbọ́ ohùn rẹ̀ rí nínú ìkankan. Bí wọ́n ṣe ń ṣe é níbẹ̀ nígbà náà nìyẹn: tí wọ́n bá ya fíìmù tán, wọ́n á pe ẹlòmíràn sínú yàrá kan, á wá fi ohùn tirẹ̀ sọ ọ̀rọ̀ ẹni tí à ń wò. Ó kú lọ́dún tó kọjá, ọ̀hún náà ni wọ́n sin ín sí. Kò fojú kan ilé mọ́.

Nínú àlá mi, ó dúró síwájú ilé wa n'Iléṣà, ó wọ aṣọ ọmọ-ọ̀dọ̀, ó sì ru ilẹ̀kùn kan lórí. Ẹnu rẹ̀ ń mì, àmọ́ ohùn òyìnbó obìnrin kan ló ń jáde, mi ò sì gbọ́ èdè náà. Ilẹ̀kùn ló túmọ̀ rẹ̀ fún mi.

"Ó ní òun fẹ́ kí ilé," ilẹ̀kùn wí. "Ó ní ẹni tí kò bá kí ilé kò tíì dé."

"Báwo lẹ ṣe mọ̀?"

"Ogójì ọdún ló fi ṣí mi. Ta ni kó tún mọ̀ ọ́n?"

Ọ̀rọ̀ náà bọ́gbọ́n mu lójú mi. Àwa mẹ́tẹ̀ẹ̀ta bá forí lé ọ́fíìsì tí wọ́n ń kó ohùn pamọ́ sí, ká lọ gba ohùn Àǹtí wá. Ó léfòó lókè òrùlé ilé ìfìwéránṣẹ́, a sì fò wọlé. Inú agolo ni wọ́n rọ àwọn ohùn sí. Ọ̀gá ibẹ̀ tó wọ táì ṣí ìwé gbàǹgbà kan.

"Kò sí Ìbídùn níbí," ó ní. "Ọmọ-ọ̀dọ̀ Kìíní wà. Nọ́ọ̀sì Kejì wà."

"Òun náà nìyẹn, sà," mo dá a lóhùn.

Ó fẹ́ fọwọ́ sí ìwé ni ìwo bá yọ lórí rẹ̀. Ó di òbúkọ, ó sì jẹ ìwé náà. Mi ò bá a jà. Ta ló ń bá òbúkọ jà nítorí ìwé? Mo kí i pé ẹ kú iṣẹ́, a sì gbé agolo kan tó wà nísàlẹ̀ pátápátá.

Nígbà tí a padà délé, gbogbo ẹbí ti jókòó ní ìlà-ní-ìlà bíi ti ilé sinimá. Ìyá mi tó ti kú lọ́dún méje sẹ́yìn wà níwájú. Àǹtí gbé agolo náà sẹ́nu, ó ṣí ilẹ̀kùn, ó la ẹnu. Mo rí i lẹ́nu rẹ̀ kedere: Ẹ kú ilé o. Ṣùgbọ́n ohùn ò jáde rárá. Ó ti gbẹ sínú agolo.

Ìyá mi na ọrùn, ó ń wo ẹ̀yìn Àǹtí.

"Ta ni ọmọ-ọ̀dọ̀ yìí ń ṣílẹ̀kùn fún?" ó bi wá. "Àbúrò mi ni mò ń retí."

Mo fẹ́ pariwo pé òun náà rèé. Ohùn tèmi náà kọ̀. Àǹtí rọra pa ilẹ̀kùn dé, bó ṣe máa ń pa á dé nínú fíìmù. Ẹkún gbọ̀n mí.

"Ẹ kú ilé o!"

Mo fò dìde lójú oorun. Ìyá Sàláwù, aládùúgbò wa, ló wá dá asẹ́ wa padà.

"Ẹ káàbọ̀!" mo kígbe. "Ẹ káàbọ̀ o! Ẹ wọlé, ẹ jókòó!" Omi ń dà lójú mi pòròpòrò.

Ó wò mí, ó wo asẹ́ ọwọ́ rẹ̀. "Bàbá Tóún, ṣé kò sí o? Ilé kejì yìí náà ni mo ti ń bọ̀."

Mo ní mo mọ̀. Mo ní kó ṣàánú mi, kó tún ilé kí lẹ́ẹ̀kan sí i.