Pẹ́pẹ́yẹ Kejì

Odindi ọdún mẹ́rin ni èmi àti Verlyn, àbúrò mi, fi yan odì. Òun ló ṣẹ̀ mí. Ó gbé géèmù kan tí wọ́n jí dà kọ wá sí ilé mi ní ìlú Duluth, ní Amẹ́ríkà, ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, ọ̀fẹ́ ni o! Ẹ gbà, kí ẹ máa fò."

Mo mọ géèmù náà. Pẹ́pẹ́yẹ kékeré kan tó dé fìlà òtútù ló ń fò láti orí yìnyín kan dé òmíràn, tó ń wá àwọn ọmọ rẹ̀. Kò sí ìbọn, kò sí ẹ̀jẹ̀. Tọkọtaya kan ló jókòó sínú ilé wọn, tí wọ́n fi ọwọ́ ara wọn ṣe géèmù náà.

Mo ní, "Àwọn tó ṣe é ńkọ́? Kí ni kí wọ́n jẹ?"

Ó bú sẹ́rìn-ín. "Ẹ̀yin tí ẹ ò parí ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, ẹ ti wá di lọ́yà pẹ́pẹ́yẹ!"

Mo lé e jáde. Lọ́jọ́ kejì, mo lọ ra tèmi ní ṣọ́ọ̀bù.

Èmi nìkan ni mò ń gbá a láti ìgbà náà. Mo ti rí gbogbo ọmọ pẹ́pẹ́yẹ, ó ku ẹyọ kan. Ó wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn tí kò ní í ṣí, àfi bí pẹ́pẹ́yẹ méjì bá dúró lórí òkúta méjì nígbà kan náà. Bí ẹnikẹ́ni ò bá sì di páàdì kejì tí wọ́n fi ń darí géèmù mú, ńṣe ni pẹ́pẹ́yẹ kejì máa ń sùn. Mo gbé agolo ẹ̀wà lé bọ́tìnnì páàdì náà, kó lè máa rìn. Ó rìn tààrà, ó já sínú adágún. Mo tún gbé e lé e. Ó tún já.

Lọ́sàn-án ọjọ́ Àìkú kan tí yìnyín bo fèrèsé, mo pe Verlyn lórí fóònù.

"Mi ò pè láti bẹ̀ ọ́ o. Ọmọ pẹ́pẹ́yẹ kan ló kù."

"Èyí tó wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn yẹn?"

"Ta ló sọ fún ọ?"

"Mo ti há síbẹ̀ láti ọdún mẹ́ta, ẹ̀gbọ́n."

"Pẹ̀lú èyí tí wọ́n jí?"

"Mo ra tèmi. Ọ̀sẹ̀ tí ẹ lé mi gan-an ni mo da ìyẹn nù."

"O ò sì sọ."

"Ṣé ẹ bi mí ni?"

Ó gba orí íńtánẹ́ẹ̀tì wọlé sínú géèmù mi láti ilé rẹ̀. Pẹ́pẹ́yẹ kejì jí, ó gbọn ìyẹ́. A dúró lórí òkúta, ilẹ̀kùn ṣí, ọmọ náà sáré jáde. Mo gbọ́ mímí Verlyn lórí fóònù. Ó yẹ kí n ní kó wá mu kọfí. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ ilé ìwé tó fi bú mi lọ́jọ́ yẹn ṣì ń dùn mí.

Mo ní, "Ó dáa bẹ́ẹ̀."

"Ó dàbọ̀, ẹ̀gbọ́n."

Pẹ́pẹ́yẹ kejì dùbúlẹ̀, ó sùn. Mo gbé agolo ẹ̀wà padà sí kọ́bọ́ọ̀dù, ṣùgbọ́n mi ò pa tẹlifíṣọ̀n, bóyá pẹ́pẹ́yẹ kejì á tún jí.