Ọwọ́ Ẹ̀gbọ́n Lórí Ìwé Àbúrò

Láti ìgbà tí ìyá wọn ti papò dà, ẹ̀gbọ́n obìnrin tó jẹ́ aránṣọ ló ń fọwọ́ sí gbogbo ìwé àbúrò rẹ̀ ọkùnrin. Òun ló fọwọ́ sí tilé-ẹ̀kọ́, òun ló fọwọ́ sí i nígbà tí ọmọ náà fẹ́ kọ́ṣẹ́ jórinjórin. Ìdí nìyẹn tí àyà rẹ̀ kò fi já nígbà tí lọ́yà wọn ní kó gbé ìwé kòtẹ́milọ́rùn lọ bá àbúrò rẹ̀ lọ́gbà ẹ̀wọ̀n kí ọmọ náà fọwọ́ sí i, tí wọ́dà sì ní ọjọ́ ìbẹ̀wò kọ́ nìyẹn, bẹ́ẹ̀ ọjọ́ tó kẹ́yìn fún ìwé náà ni. Ó jókòó sórí bẹ́ǹṣì lẹ́nu géètì, ó gbàdúrà sórí ìwé náà, ó sì kọ orúkọ àbúrò rẹ̀ síbi tí wọ́n fàlà sí. Kò sọ fún lọ́yà. Kí ni yóò sọ? Ta ni kò mọ̀ pé ẹ̀gbọ́n ni ìyá?

Wọ́n dá jórinjórin lẹ́bi pé ó jí irin ọ̀gá rẹ̀ tà. Kò jí i. Ìwé yìí nìkan ló kù tó lè yọ ọ́ jáde.

Lọ́jọ́ ẹjọ́, lọ́yà ìjọba kò tilẹ̀ mẹ́nu ba irin. Ó ní òfin fẹ́ kí ẹni tó ń pẹjọ́ fi ọwọ́ ara rẹ̀ sí ìwé náà, ọwọ́ yìí kò sì jọ èyí tó fi sí ìwé ní àgọ́ ọlọ́pàá.

Adájọ́ na ìwé náà sí i. "Ṣé ọwọ́ rẹ nìyí?"

Jórinjórin mọ ẹni tó ni ọwọ́ náà. Láàárín àwọn òǹwòran, aránṣọ ń mi orí sókè sísàlẹ̀: ọmọ ìyá mi, ṣáà ti sọ pé bẹ́ẹ̀ ni.

"Rárá, Olúwa mi. Kì í ṣe ọwọ́ mi."

Adájọ́ kò bínú, kò jágbe. Ó ní ìwé tí kò bá òfin mu kò lè gbé ẹjọ́ ró, ó sì da ẹjọ́ náà nù. Ẹnikẹ́ni kò gbọ́ ọ̀rọ̀ irin.

Ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, aránṣọ dì mọ́ ọn. "Bẹ́ẹ̀ ni lásán! Ṣé ó wúwo jù lẹ́nu rẹ ni?"

"Ẹ̀gbọ́n mi, olóòótọ́ ni mo ń pe ara mi fún wọn látọjọ́ yìí. Ilé tí a fi itọ́ mọ, ìrì ni yóò wó o."

"Èmi ni mo kó ọ sí i."

"Ẹ ò mà jẹ́ kí n fi ọwọ́ ara mi ṣe nǹkan kan rí láyé. Bí wọ́n bá gbà fún yín, ẹ̀ bá bá mi ṣẹ̀wọ̀n náà."

"Ǹ bá ti wọlé!"

Wọ́dà tó dúró tì wọ́n rẹ́rìn-ín.

Lọ́yà wọn dé, ojú rẹ̀ le díẹ̀. Ó ní òun lè bẹ ilé ẹjọ́ pé kí wọ́n gba ìwé mìíràn bí àkókò tilẹ̀ ti kọjá. Wọ́n lè gbà, wọ́n lè kọ̀. "Ṣùgbọ́n èyí ò ní kúrò níwájú mi, mà."

Jórinjórin tẹ́ ìwé tuntun tí lọ́yà fún un sí etí fèrèsé. Ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ kò jẹ́ kí ọwọ́ rẹ̀ yá. Aránṣọ nawọ́ láti bá a di ọrùn ọwọ́ mú.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ fi sílẹ̀."

Aránṣọ ká ọwọ́ rẹ̀ kò, ó di méjèèjì mọ́ àyà. "Ọkọ irin," ó ń kì í wúyẹ́wúyẹ́, "a-fi-iná-rán-irin-bí-aṣọ, Olúwa á ṣáájú rẹ." Lẹ́tà àkọ́kọ́ wọ́, ìkejì fẹ́ẹ̀ jáde lórí ìlà. Aránṣọ wò ó títí ó fi kọ ọ́ tán, kò sì bá a tún un ṣe.