Tábìlì Mẹ́jọ ní Ẹ̀yìn Káńsù

Nígbà tí Fàúsátù, ọmọ Sàlísù káfíńtà, jáde ilé ẹ̀kọ́ Mọ́dàn ní ìparí ọdún 1957, gbogbo ará Ìbàfò ló gbà pé iṣẹ́ akọ̀wé ti wà nílẹ̀ tó ń dúró dè é. Ọdún kan kọjá, iṣẹ́ ò yọjú. Ó kọ̀wé sí reluwé, ó kọ̀wé sí ilé ìfìwéránṣẹ́, ó kọ̀wé sí káńsù. Èsì kan náà ni wọ́n ń fún un: kò sí àyè. Kì í sì í ṣe òun nìkan. Àwọn ọmọ tó kàwé ti pọ̀ ju àga tó wà ní ọ́fíìsì lọ.

Ó kó lọ sí Ìfọ̀, sọ́dọ̀ Bùrẹ́ímọ̀, àbúrò bàbá rẹ̀ ọkùnrin, tó ń ta aṣọ nítòsí ibùdó reluwé. Ibẹ̀ ló wà lóṣù kejì ọdún 1959 tí wọ́n fi lẹ ìwé kan mọ́ ara ògiri káńsù. Ìjọba fẹ́ kọ́ àwọn ọ̀dọ́ tí kò níṣẹ́ lọ́wọ́ ní iṣẹ́ káfíńtà fún oṣù mẹ́fà, lọ́fẹ̀ẹ́. Ilé iṣẹ́ ńlá kan ni wọ́n fẹ́ kọ́ lọ́nà Abẹ́òkúta, wọ́n sì ń wá àwọn tí yóò máa kan pákó tí wọ́n ń da kọnkéré sí.

Àádọ́ta ọ̀dọ́ ló wá lọ́jọ́ ìforúkọsílẹ̀. Ọ̀gá Bádéjọ, olùkọ́ tí ìjọba rán wá, ka orúkọ mẹ́wàá péré, ó sì pa ìwé dé.

Lásúnkànmí, ọmọkùnrin kan tó ti gun kẹ̀kẹ́ láti Mówè kí ilẹ̀ tó mọ́, na ọwọ́ sókè. "Sà, àwa yòókù ńkọ́?"

"Ẹ máa lọ sílé. Tábìlì iṣẹ́ márùn-ún la ní, ọmọ méjì ló lè dúró ti ọ̀kọ̀ọ̀kan."

Àwọn èèyàn ti ń kẹ́yìn sí i nígbà tí Fàúsátù béèrè pé, "Tí tábìlì bá pọ̀ sí i ńkọ́, sà?"

"Wọ́n ní kí n mú iye tí tábìlì bá gbà. Ṣùgbọ́n wọn ò fún mi lówó tábìlì."

"A ò béèrè owó, sà. Àwa la máa kàn án."

Ẹ̀rín pa àwọn kan. Ọ̀gá Bádéjọ kò rẹ́rìn-ín. Ó wo ọmọbìnrin náà láti òkè dé ilẹ̀. "Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni mo fún yín. Tó bá ti kọjá bẹ́ẹ̀, mi ò ní lè ṣí ìwé orúkọ mọ́."

Ohun tí kò sí ẹni tó mọ̀ ní Ìfọ̀ ni pé ìdí tábìlì bàbá rẹ̀ ni Fàúsátù ti dàgbà. Ó ti mọ ayùn lò kó tó mọ A B D kọ. Lọ́jọ́ kejì, ó wọ lọ́rì lọ sí Ìbàfò, ó kúnlẹ̀ kí bàbá rẹ̀, ó sì sọ ohun tó bá wá.

Ojú Sàlísù le. "Mo rán ọ nílé ìwé kí o má baà di ráńdà mú, ìwọ tún wá fẹ́ gba ráńdà lọ́wọ́ mi."

"Bàbá, ilé ìwé yẹn ni mo fi mọ ohun tí ìjọba kọ sára ògiri kà. Iṣẹ́ ni wọ́n kọ síbẹ̀. Ẹ má bínú, ẹ yá mi ní irinṣẹ́."

Bàbá náà dìde. Ó tẹ́ àpò ìdọ̀họ sílẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í kó irinṣẹ́ sí i: ayùn méjì, òòlù, ìdiwọ̀n, ráńdà kékeré tí wọ́n fi ń fá pákó. "Ráńdà ńlá yẹn á wúwo jù fún ọ," ló wí. Ó tún wò ó, ó sì kó ńlá náà sí i.

Àwọn tó wà níbi tí wọ́n ti ń la igi ní Ìfọ̀ gbà láti fún Fàúsátù àti àwọn ọ̀dọ́ yòókù ní pákó tí wọn kò fẹ́ mọ́, tí wọ́n bá máa bá wọn gbé ìtì igi láàárọ̀. Gbogbo ogójì ọ̀dọ́ ló wá lọ́jọ́ kìíní. Lọ́jọ́ kẹrin, wọ́n ku mẹ́rìndínlógún. Ẹ̀yìn káńsù ni wọ́n ti ń ṣiṣẹ́, lábẹ́ igi máńgòrò.

Nọ́fíù, ọmọkùnrin kan tó sanra, tó ti bá àwọn kọ́lékọ́lé gbé bíríkì rí, kọ̀ láti gba àṣẹ. "Ṣé obìnrin ni yóò máa sọ fún mi bí mo ṣe máa kan ìṣó?"

Lásúnkànmí dá a lóhùn pé, "Tó o bá mọ̀ ọ́n kàn jù ú lọ, bọ́ síwájú."

Nọ́fíù bọ́ síwájú. Ó fi gbogbo ọ̀sán kan tábìlì tirẹ̀. Nígbà tó gbé e nàró, ó ń mì bí ẹni tí ibà mú. Ó káwọ́ lẹ́rán, ó wò ó síwá sẹ́yìn. Nígbà tó yá, ó wá sọ́dọ̀ Fàúsátù, ó rẹ ohùn sílẹ̀. "Wá bá mi wò ó. Kí ni mo ṣì ṣe?"

"Ìṣó nìkan lo fi dì í mú. Igi ló yẹ kó di igi mú." Ó fi bí wọ́n ṣe ń gbẹ́ ihò hàn án, àti bí wọ́n ṣe ń gé ẹnu igi tí yóò wọ inú rẹ̀ ṣin-ṣin.

Ọ̀gá Bádéjọ máa ń yọjú sí wọn. Á fi àtẹ́lẹwọ́ tẹ tábìlì, á bẹ̀rẹ̀ wo ìsàlẹ̀ rẹ̀. "Ẹsẹ̀ yìí kúrú. Ẹ tú u." Ẹ̀ẹ̀mẹta ni wọ́n tú tábìlì kìíní. Inú bí wọn, ṣùgbọ́n kò sí ẹni tó lọ. Ìka ọwọ́ wọn bó, ó tún sàn. Nígbà tí ọ̀sẹ̀ mẹ́ta pé, tábìlì mẹ́jọ ló dúró lábẹ́ igi máńgòrò, kò sí èyí tó mì nínú wọn.

Ọ̀gá Bádéjọ yẹ̀ wọ́n wò lọ́kọ̀ọ̀kan, ó sì ṣí ìwé orúkọ. Ó kọ ti Lásúnkànmí, ó kọ ti Nọ́fíù àti ti àwọn yòókù. Nígbà tó kan Fàúsátù, ó dá gègé dúró.

"Mo rò pé ńṣe lò ń ràn wọ́n lọ́wọ́ ni. Àwọn ọkùnrin ni iṣẹ́ yìí wà fún."

Fàúsátù na ọwọ́ sí ara ògiri káńsù. "Sà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi ka ìlà kejì nínú ìwé tó wà lára ògiri."

Ọkùnrin náà rìn lọ síbẹ̀, gbogbo wọn tẹ̀ lé e. Ó kà á sókè: "Ọ̀dọ́ tí kò níṣẹ́ lọ́wọ́, tí ọjọ́ orí rẹ̀ kò ju ogún ọdún lọ."

"Ọmọ ọdún mọ́kàndínlógún ni mí, sà. Mi ò sì níṣẹ́ lọ́wọ́. Èwo ni mi ò kún ojú rẹ̀ níbẹ̀?"

Ọ̀gá Bádéjọ tún ìlà náà kà, lọ́tẹ̀ yìí láì sọ̀rọ̀. Kó tó yíjú padà, Nọ́fíù ti sọ̀rọ̀. "Sà, tí ẹ bá yọ ọ́, ẹ yọ orúkọ tèmi náà. Òun ló kọ́ mi ní iṣẹ́ tí ẹ fi kọ orúkọ mi yẹn."

Olùkọ́ náà rẹ́rìn-ín músẹ́, ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí wọ́n máa rí eyín rẹ̀. Ó gbé ìwé orúkọ ti ara ògiri, ó mú gègé. "Kí ni orúkọ bàbá rẹ?"

"Sàlísù, sà." Ó sì kọ Fàúsátù Sàlísù sílẹ̀.

Oṣù mẹ́fà náà kò rọrùn, ṣùgbọ́n wọ́n parí rẹ̀. Ọ̀pọ̀ nínú wọn ló ríṣẹ́ ní ibi tí wọ́n ti ń kọ́ ilé iṣẹ́ ńlá ọ̀nà Abẹ́òkúta náà. Lásúnkànmí padà sí Mówè, ó ń kan àga fún àwọn ilé ìwé tuntun tí wọ́n ń ṣí káàkiri. Fọ́mánù tó gba Fàúsátù síṣẹ́ ní ọ̀nà Abẹ́òkúta fi í sí ibi pákó òpó kan péré, kó lè wo ọwọ́ rẹ̀. Nígbà tí kọnkéré gbẹ tí wọ́n tú pákó, òpó náà gún régé, ara rẹ̀ ń dán. Fọ́mánù fi ọwọ́ pa á láti òkè dé ìsàlẹ̀.

Ní Mọ́ńdè tó tẹ̀ lé e, ó kó ọmọ iṣẹ́ tuntun mẹ́ta wá bá a, ọkùnrin méjì, obìnrin kan, ó ní kó máa kọ́ wọn níṣẹ́. Fàúsátù béèrè orúkọ wọn, ó sì ní kí wọ́n kọ́kọ́ wá mú pákó kan lẹ́nu méjèèjì, kí òun wo bí wọ́n ṣe ń dúró ti iṣẹ́.