Ìwé Kejìlá Tí Tíṣà Ò Tíì Kọ

Ọmọ ìyá kan náà ni Tíṣà àti Pẹ́ńsù, ọdún méje ló sì wà láàárín wọn. Tíṣà ni ẹ̀gbọ́n. Ó ti kọ́ ọmọ ilé ìwé rí kó tó fi iṣẹ́ náà sílẹ̀, ṣùgbọ́n orúkọ yẹn ò fi í sílẹ̀. Pẹ́ńsù ni wọ́n ń pe àbúrò, nítorí pé pẹ́ńsù tó fi ń yàwòrán kì í kúrò nínú irun rẹ̀, kódà bó bá ń sùn. Ilé kan ni wọ́n ń gbé, tábìlì kan náà ni wọ́n fi ń ṣiṣẹ́: Tíṣà á kọ ìtàn, Pẹ́ńsù á yà á. Iṣẹ́ ọwọ́ wọn ni ìwé aláwòrán tí àwọn ọ̀dọ́ ń já gbà mọ́ ara wọn lọ́wọ́, èyí tí wọ́n pè ní Àwọn Ọmọ Igba Ọdún.

Ọ̀dọ́ márùn-ún ló wà nínú rẹ̀, tí wọ́n ń gbé inú ọkọ̀ ńlá kan lójú òfuurufú, ní igba ọdún sí àsìkò tiwa yìí. Ọ̀kan ń gbọ́ ohùn èèyàn láti inú irin. Ọ̀kan lè ní kí òjò dúró lófuurufú, òjò á sì dúró. Òjìji kan ṣoṣo ni àwọn ìbejì inú wọn ní, ẹni tí òjìji náà bá wà lọ́dọ̀ rẹ̀ nìkan ni ojú lè rí. Ẹnì karùn-ún ò ní agbára kankan, àfi pé kò lè ṣìnà láéláé. Amọ̀nà ni orúkọ rẹ̀, òun sì ni àwọn òǹkàwé fẹ́ràn jù.

Ní ìparí ìwé kọkànlá, iná sọ nínú ọkọ̀. Amọ̀nà ti àwọn mẹ́rin yòókù sínú yàrá tí iná ò lè dé, ni ilẹ̀kùn bá pa dé mọ́ òun síta. Ibẹ̀ ni ìwé náà parí sí. Ìwé kejìlá ló máa kẹ́yìn gbogbo wọn, ohun tó sì máa wà nínú rẹ̀, ọwọ́ Tíṣà nìkan ló wà. Kì í sọ ìtàn fún àbúrò rẹ̀ ṣáájú. Bó bá ti kọ ojú ìwé kan tán ló máa ń nà án sí i, á ní òun fẹ́ kí ìtàn náà máa ya ọwọ́ Pẹ́ńsù lẹ́nu bó ṣe ń yàwòrán.

Ní àárọ̀ ọjọ́ Àìkú kan, Tíṣà ń fọ abọ́ nígbà tí ife kan bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ó bẹ̀rẹ̀ láti ṣa àfọ́kù rẹ̀, kò sì lè dìde mọ́. Kí Pẹ́ńsù tó gbé e dé ilé ìwòsàn, apá ọ̀tún àti ẹsẹ̀ ọ̀tún ti kú, ẹnu ti wọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Dókítà ní rọpárọsẹ̀ ni. Ó ní ẹ̀mí ò ní bọ́, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ lè pẹ́ kó tó padà sẹ́nu rẹ̀, ó sì lè má padà.

Ní ọjọ́ kẹta, Tíṣà la ẹnu.

"Ilẹ̀kùn," ló wí.

Pẹ́ńsù sunkún ayọ̀. Nígbà tó fi máa di ọjọ́ kejì rẹ̀, ayọ̀ náà ti lọ. Bí wọ́n bá bi Tíṣà bóyá ebi ń pa á, ilẹ̀kùn ni. Bí wọ́n bá bi í pé níbo ló ń dùn ún, ilẹ̀kùn náà ni. Dókítà ṣàlàyé pé ó máa ń rí bẹ́ẹ̀ nígbà míì: ọ̀rọ̀ kan á há sẹ́nu ọ̀nà, kò ní jẹ́ kí àwọn tó kù jáde. Ó ṣeé ṣe kó ní ìtumọ̀, ó sì ṣeé ṣe kó má ní.

Ọ̀sẹ̀ yẹn kan náà ni olóòtú ilé iṣẹ́ tó ń gbé ìwé wọn jáde pè lórí fóònù. Kì í ṣe èèyàn burúkú. Ara Tíṣà ló kọ́kọ́ béèrè. Lẹ́yìn náà ló sọ pé àwọn atẹ̀wé ń retí ìwé kejìlá ní ọjọ́ Ẹtì tó ń bọ̀, àti pé ilé iṣẹ́ ló ni ìwé náà gẹ́gẹ́ bí ohun tí wọ́n jọ fọwọ́ sí. Bí wọn ò bá rí nǹkan kan gbà lọ́wọ́ Pẹ́ńsù títí di ọjọ́ yẹn, wọ́n á lo èyí tí òǹkọ̀wé míì àti ayàwòrán míì ti ṣe sílẹ̀ fún wọn. Pẹ́ńsù bi í pé kí ló ṣẹlẹ̀ sí Amọ̀nà nínú ti òǹkọ̀wé yẹn.

"Ó kú," ni olóòtú wí.

Pẹ́ńsù tú gbogbo ilé, ó ń wá ohun tí Tíṣà ti kọ. Ó wo abẹ́ tìmùtìmù, ó wo ẹ̀yìn kàlẹ́ńdà, ó da garawa ìdọ̀tí sílẹ̀, ó sì ń tẹ́ bébà kọ̀ọ̀kan pẹrẹsẹ bí ẹní ń lọ aṣọ. Ojú ìwé méjì péré ló rí, méjèèjì ò sì ju bí iná ṣe ń jó lọ. Ṣùgbọ́n nísàlẹ̀ èkejì, Tíṣà ti fi lẹ́tà wẹ́wẹ́ kọ ọ́ pé: ilẹ̀kùn ńkọ́?

Pẹ́ńsù tún un kà. Kò sí àní-àní mọ́ lójú tirẹ̀. Ìtàn ni ẹ̀gbọ́n òun ń sọ láti ọjọ́ yìí wá. Ó wà nínú rẹ̀ lódindi, ọ̀rọ̀ kan péré ló rí ọ̀nà jáde.

Láti ọjọ́ náà, ẹ̀gbẹ́ bẹ́ẹ̀dì ni Pẹ́ńsù ti ń ṣiṣẹ́, pátákó lórí orúnkún, ìgò íńkì láàárín ẹsẹ̀. Ó ya Amọ̀nà níbi tó ti ń fi èjìká já ilẹ̀kùn. Tíṣà wò ó, ó fi ọwọ́ òsì tì í dànù, ó ní ilẹ̀kùn. Pẹ́ńsù ya àwọn ìbejì tí wọ́n ń rọra ti òjìji wọn gba abẹ́ ilẹ̀kùn jáde. Tíṣà tì í dànù. Ó ya irin ilẹ̀kùn tó ń fọhùn. Èyí ni Tíṣà tiẹ̀ fà ya. Ní ọjọ́ kan Pẹ́ńsù ya àwòrán mẹ́fà, kò jẹun, kò wẹ̀, àwọn nọ́ọ̀sì ní kó lọ sílé, ó ní òun ń bọ̀, kò lọ. Bí inú ṣe ń bí Tíṣà tó ni Pẹ́ńsù ṣe ń rò pé òun ti sún mọ́ ọn tó.

Nígbà tó di àárọ̀ Ọjọ́bọ̀, ọjọ́ kan péré ló kù. Wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ wẹ Tíṣà tán, aṣọ ìbora ò tíì dé àyà rẹ̀, Pẹ́ńsù sì ti gbé bébà síwájú rẹ̀. Ó ki gègé bọ̀ ọ́ lọ́wọ́ òsì, ó sì fi ọwọ́ tirẹ̀ dì í mú.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ dákun. Ẹ kàn fa ìlà. Ibi tí ilẹ̀kùn yẹn já sí, ẹ fi hàn mí."

Tíṣà fẹ́ gba ọwọ́ rẹ̀. Pẹ́ńsù ò jọ̀wọ́ rẹ̀. Ó tẹ ọwọ́ náà mọ́ bébà bí ẹní ń fi tipátipá kọ́ ọmọdé ní ABD, títí gègé fi ya bébà kọjá, tí ìgò íńkì sì dojú dé sórí aṣọ funfun. Tíṣà bú sẹ́kún. Ẹkún náà ò ní ọ̀rọ̀ nínú, ó kàn ń jáde láti apá kan ẹnu rẹ̀.

Obìnrin àgbàlagbà tó ń nu ilẹ̀ wọ́ọ̀dù dúró pẹ̀lú àkísà tútù lọ́wọ́. Láti ọjọ́ tí wọ́n ti gbé Tíṣà dé, kò tíì bá Pẹ́ńsù sọ ju ẹ káàárọ̀ lọ.

"Ọmọ mi," ló wí, "ilẹ̀kùn tó wà lẹ́yìn rẹ yẹn ló ń sọ."

Pẹ́ńsù bojú wẹ̀yìn. Ilẹ̀kùn wọ́ọ̀dù ṣí gbayawu. Lójú ọ̀dẹ̀dẹ̀, àwọn ọkùnrin méjì tó ń ti bẹ́ẹ̀dì òfìfo ń kọjá, ọ̀kan nínú wọn sì ń wo inú.

Obìnrin náà ní bó ṣe rí lójoojúmọ́ nìyẹn. Bí àwọn nọ́ọ̀sì bá ti ń tú aṣọ lára Tíṣà láti wẹ̀ ẹ́, wọn kì í ti ilẹ̀kùn, ẹni tó ń lọ àti ẹni tó ń bọ̀ ló ń rí i. Ó ní òun ti sọ fún wọn nígbà kan, wọ́n ní kí òun máa nu ilẹ̀ òun.

Pẹ́ńsù dìde, ó ti ilẹ̀kùn náà. Nígbà tó padà dé ìdí bẹ́ẹ̀dì, èjìká Tíṣà ti wálẹ̀, ó ti di ojú. Pẹ́ńsù fa aṣọ ìbora bò ó dé ọrùn. Ọjọ́ mẹ́wàá gbáko ni ẹ̀gbọ́n rẹ̀ fi bẹ̀ ẹ́, pẹ̀lú ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo tó kù lẹ́nu rẹ̀, pé kó bo òun láṣìírí, bébà ni Pẹ́ńsù sì ń gbé síwájú rẹ̀.

Ọ̀sán ọjọ́ yẹn ló lọ sí ọ́fíìsì olóòtú. Ó sọ fún un pé òun ò ní nǹkan kan lọ́wọ́. Ó bẹ̀ ẹ́ pé kó jẹ́ kí ìwé náà dúró bẹ́ẹ̀, láìní ìparí. Olóòtú ní ẹni tó ti ka mọ́kànlá ò ṣeé fi sójú ọ̀nà. Pẹ́ńsù bẹ̀ ẹ́ pé kí wọ́n má pa Amọ̀nà. Olóòtú ní òun á wò ó.

Wọ́n pa á. Lójú ìwé kẹsàn-án ni, wọ́n sì yà á dáadáa, èyí gan-an ló dun Pẹ́ńsù jù. Ó ki ẹ̀dà tí wọ́n fi ránṣẹ́ sí i sísàlẹ̀ àpótí aṣọ.

Oṣù kẹta tí àìsàn náà ti bẹ̀rẹ̀ ni Tíṣà padà sílé. Ó ti ń fi ọ̀pá rìn, ọ̀rọ̀ bíi ogún sì ti wà lẹ́nu rẹ̀, tí wọ́n ń jáde lọ́kọ̀ọ̀kan. Ní ọ̀sán kan ó ní, "Ìwé… kejìlá." Pẹ́ńsù ṣe bí ẹni tí kò gbọ́. Ó tún un sọ. Pẹ́ńsù bá mú un wá, ó jókòó tì í, ó sì ń wo ojú rẹ̀ bó ṣe ń fi ọwọ́ òsì ṣí ojú ìwé kọ̀ọ̀kan. Nígbà tó dé ìkẹsàn-án, ó pẹ́ níbẹ̀. Ó kà á tán, ó pa á dé.

"Ẹ má bínú sí mi," ni Pẹ́ńsù wí. "Mo wá ìparí tiyín títí. Mi ò rí i."

Tíṣà mi orí. Ó jà fún ọ̀rọ̀ náà débi pé òógùn yọ níwájú orí rẹ̀.

"Kò… sí. Mi ò… tíì… mọ̀."

Kò mọ̀ ọ́n rí. Láti ìgbà tí ìwé kọkànlá ti jáde ló ti ń wá a, ohun tó sì ń rò ní àárọ̀ tí ife bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ nìyẹn. Pẹ́ńsù jáde lọ sẹ́yìn ilé, ó di okùn tí wọ́n ń sá aṣọ sí mú, ó sì sunkún débi tí obìnrin ilé kejì fi yọjú wò ó.

Nígbà tó wọlé padà, Tíṣà ṣì jókòó síbi tó fi í sí. Ó fẹ́ nǹkan kan, kò rí ọ̀rọ̀ rẹ̀. Ó ń nawọ́ sí ilẹ̀, ó ń bínú, Pẹ́ńsù sì ń méfò: omi ni? Ọ̀pá ni? Nígbà tó sú àwọn méjèèjì, Pẹ́ńsù fa pẹ́ńsù yọ nínú irun, ó gé páálí kan sí wẹ́wẹ́, ó ya ife sórí ọ̀kan, ó ya bẹ́ẹ̀dì, ó ya bàtà, ó tò wọ́n síwájú rẹ̀.

Tíṣà wò wọ́n fínnífínní. Ó mú ti bàtà, ó gbé e súnmọ́ ojú, ó sì yínmú.

"Kò… jọ," ló wí, ó dá a padà fún un.