Ọjọ́ Tí Fúnminíyì Di Ẹ̀gbọ́n Ìyátúndé

Ọmọ ọwọ́ tí Ìyátúndé bá fún lábẹ́rẹ́ kì í sunkún pẹ́. Bó ṣe ń gún un ló ń bá a ṣàwàdà. Kí ọmọ náà tó rántí pé ó yẹ kóun figbe ta, ìyá rẹ̀ ti ń gbé e pọ̀n. Ọdún méjìlá gbáko ló fi ṣe iṣẹ́ yìí bíi kásúà ní ilé ìwòsàn kékeré kan lábẹ́ àpáta ní Ọ̀kà, kí wọ́n tó sọ òun àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ di òṣìṣẹ́ gidi lọ́dún tó kọjá. Wọ́n jó, wọ́n yọ̀, wọ́n pa ewúrẹ́. Àfi ìgbà tí owó oṣù wọlé. Safinat tó jókòó sí tábìlì kejì, tí wọ́n ti gbà síṣẹ́ gidi lọ́dún mẹ́ta sẹ́yìn, tí Ìyátúndé fúnra rẹ̀ kọ́ bí wọ́n ṣe ń di ẹsẹ̀ ọmọ mú, gbà jù ú lọ dáadáa.

"Mọ́mì, ojú ń tì mí," ni Safinat wí.

"Kí ló ń tì ẹ́ lójú? Ṣé ìwọ lò ń sanwó ni?"

Ó kọjú sí ọ́fíìsì Fúnminíyì tó ń bójú tó ọ̀rọ̀ òṣìṣẹ́. Ọmọ Rachel, aládùúgbò rẹ̀ ní Ìkàrẹ́, ni Fúnminíyì. Nígbà tó wà lọ́mọ ọwọ́, ẹ̀yìn Ìyátúndé ló máa ń sùn sí bí ìyá rẹ̀ bá lọ sọ́jà, ó sì ti tọ̀ sí i lára ju ẹ̀ẹ̀kan lọ.

"Fúnminíyì, iṣẹ́ kan náà lèmi àti Safinat ń ṣe. Kí ló dé tówó wa ò dọ́gba?"

"Mọ́mì, ọjọ́ tẹ́ ẹ di òṣìṣẹ́ gidi ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í ka iṣẹ́ yín. Ìwé ò mọ ti àtẹ̀yìnwá."

"Ọdún méjìlá yẹn ńkọ́? Eré ni mò ń ṣe?"

Fúnminíyì fẹ́ fi ẹ̀rín pa ọ̀rọ̀ náà rẹ́. "Ẹ wò ó, ma, tó bá jẹ́ ti iṣẹ́ ni, èmi gan-an lẹ̀gbọ́n yín. Ọdún kẹrin mi rèé. Ẹ̀yin ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ni."

Ìyátúndé wò ó, ó tún un wò. Ló bá rọra kúnlẹ̀ sórí síménǹtì, orúnkún méjèèjì.

"Ẹ má bìínú, ẹ̀gbọ́n mi, pé mo ti ń pè yín lórúkọ látọjọ́ yìí."

"Haa! Mọ́mì, ẹ dìde, ẹ jọ̀ọ́!"

"Kí àbúrò dìde nígbà tí ẹ̀gbọ́n ò tíì dá a lóhùn? Wọn ò tọ́ mi bẹ́ẹ̀ nílé wa."

Bó ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Nígbà tí wọ́n ṣèpàdé, tí wọ́n ní kí Ìyátúndé sọ̀rọ̀, ó ní kí àwọn ẹ̀gbọ́n òun kọ́kọ́ sọ tiwọn, ó sì nawọ́ sí Safinat. Ọmọge náà fi ìbòrí rẹ̀ bojú. Ògúndèjì tó ń ṣọ́ géètì, tí irùngbọ̀n rẹ̀ funfun báláú, kásúà àná lòun náà. Ó gbọ́, ó sì gbà á bí ẹni gba iṣẹ́ tuntun.

"Ìyátúndé, o ò sí níbẹ̀!" ló wí láàárọ̀ ọjọ́ kan. "Gáréèjì Ìkàrẹ́ ni. Bí ẹ̀gbọ́n wa ṣe ń sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀, mo dọ̀bálẹ̀ gbalaja. Dírẹ́bà kan ní, 'Bàbá, ṣé wọ́n ti fi ọmọ yìí jọba ni?' Mo ní rárá o, ẹ̀gbọ́n mi níbi iṣẹ́ ni. Ó lóun ò ní gbé ọmọ tí àgbà ń dọ̀bálẹ̀ fún mọ́ láyé!"

Ìyátúndé rẹ́rìn-ín títí ó fi di ògiri mú. Ṣùgbọ́n bí ẹ̀rín ti ń pa á náà ni ọ̀rọ̀ ń dùn ún. Kì í kúkú ṣe owó nìkan. Àwọn ọmọ tó gún lábẹ́rẹ́ lọ́dún àkọ́kọ́ ti ń wọ sẹ́kọ́ńdìrì báyìí. Bí wọn ò bá ka ọdún méjìlá yẹn, ta ló gún wọn?

Ariwo gáréèjì ló gbé Rachel dé Ọ̀kà lórí ọ̀kadà, gèlè rẹ̀ ti wọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Orí ìkúnlẹ̀ ló bá Ìyátúndé, tó ń fi ọwọ́ méjèèjì gbé omi fún Fúnminíyì.

"Fúnminíyì! Ẹni tó pọ̀n ọ́!"

"Mọ́mì, mo ti bẹ̀ wọ́n títí, wọn ò gbọ́!"

"Má dá sí i, Ìyá Fúnmi," ni Ìyátúndé wí. "Ẹ̀gbọ́n mi ni wọ́n. Ìwé ló sọ bẹ́ẹ̀."

"Ìwé wo? Ta ló kọ ìwé ọ̀hún?"

"Àwọn ọ̀gá lókè ni, ma," ni Fúnminíyì fèsì.

"Ẹsẹ̀ ń dùn ọ́ ni? O ò lè lọ bá wọn?"

Fúnminíyì nu òógùn ojú. "Màá lọ, ma. Màá lọ jókòó tì wọ́n."

"Ẹ ó rin ire o, ẹ̀gbọ́n mi," ni Ìyátúndé wí. Kò tíì dìde.

Fúnminíyì lọ lóòótọ́. Ó lọ, ó bọ̀, ó tún lọ. Ní gbogbo ìgbà yẹn, Ìyátúndé ò yé kúnlẹ̀, débi pé ilẹ̀kùn ẹ̀yìn ni Fúnminíyì ń gbà wọ ọ́fíìsì.

Òjò àkọ́rọ̀ ń rọ̀ lọ́jọ́ tí fóònù Ìyátúndé dún.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ kú òjò o."

"Ma, wọ́n ti gbà," ni Fúnminíyì wí. "Gbogbo ọdún méjèèjìlá ni wọ́n máa kà. Ti Bàbá Ògúndèjì náà, ti gbogbo yín pátá. Owó yín ò ní kéré sí ti Safinat mọ́."

Ìyátúndé ń wo Safinat tó di ẹsẹ̀ ọmọ kan mú, gẹ́gẹ́ bó ṣe kọ́ ọ. Ó wú ikọ́ díẹ̀.

"Fúnminíyì."

"Ma?"

"O ti jẹun?"