Àkèré Inú Páálí Ọ̀gẹ̀dẹ̀

Inú páálí ọ̀gẹ̀dẹ̀ tó ti Ecuador wá ni Kúnmi ọmọ mi ti rí àkèré náà, ní wíàháòsì ìkẹ́rùsí tó ti ń ṣiṣẹ́ ní Bolton. Kò tóbi ju èékánná àtàǹpàkò mi lọ. Ara rẹ̀ dà bí ewé tó ṣẹ̀ṣẹ̀ yọ, ẹsẹ̀ rẹ̀ sì pọ́n bí epo. Kúnmi fi ike oúnjẹ rẹ̀ gbé e wá sílé wa ní Etobicoke, ní Kánádà níbí.

Ọlámijùlọ, ọmọ rẹ̀ obìnrin tó jẹ́ ọmọ ọdún mẹ́jọ, sọ ọ́ ní Ànúolúwa.

"Ọmọ ènìyàn ló ń jẹ́ bẹ́ẹ̀," ni mo wí.

"Grandma, Ọlọ́run náà ló dá a. Ṣé orúkọ ti tán lọ́wọ́ yín ni?"

Mo rẹ́rìn-ín títí.

Ọlámijùlọ ní irú àkèré náà kò pọ̀ mọ́, pé wọ́n ti gé igbó tó ń gbé kù díẹ̀, igbó tí ẹyẹ àti òdòdó inú rẹ̀ kò sí níbòmíràn. Obìnrin kan láti ọgbà ẹranko ń bọ̀ wá mú un lọ́jọ́ Ajé. Títí dìgbà náà, kí ẹnikẹ́ni má fọwọ́ kàn án.

Lọ́jọ́ Ìsinmi, orúnkún kò jẹ́ kí n lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì. Mo jókòó ti ike náà, mo ń kọrin ìyìn sí i jẹ́ẹ́jẹ́. Mo wá rí i pé kò fò mọ́, àwọ̀ rẹ̀ sì ń ṣá. Àánú rẹ̀ ṣe mí. Mo mú òróró àdúrà, èyí tí mo máa ń ta sí orí gbogbo ọmọ ilé yìí kí wọ́n tó lọ ṣèdánwò, mo fi pa á láti orí dé ẹ̀yìn.

"Olúwa, Ìwọ lo mọ iye ẹ̀dá tó wà nínú igbó Rẹ. Má jẹ́ kí èyí sọnù."

Nígbà tí wọ́n ti ṣọ́ọ̀ṣì dé, Ọlámijùlọ yọjú wo inú ike.

"Grandma! Kí lẹ fi pa á?"

"Òróró àdúrà ni, ìyá mi."

"Awọ ara ẹ̀ ló fi ń mí!"

Ó ń da omi sí i, ó ń sunkún, ṣùgbọ́n òróró kò kúrò. Kí a tó jẹun ọ̀sán, Ànúolúwa ti kú.

"Mọ́mì, ẹ ò kúkú mọ̀," ni Kúnmi wí.

Lóòótọ́, n kò mọ̀.

Lọ́jọ́rú, Ọlámijùlọ fẹ́ lọ ṣèdánwò ìṣirò. Ó wá kúnlẹ̀ níwájú mi bó ti máa ń ṣe. Bí mo ti ṣí òróró, ó fa orí rẹ̀ sẹ́yìn, díẹ̀ báyìí. Bóyá òun gan-an kò mọ̀ pé òun ṣe bẹ́ẹ̀.

Mo dé ìgò náà padà. Ọwọ́ gbígbẹ ni mo gbé lé e lórí, mo sì gbàdúrà.